1,320 pọ́n-ùn kò gba èmi, ìyàwó mi àti epo: kí ni òfin tuntun wí gan-an?

Aṣẹ̀ṣẹ̀fò_Houston

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin èèyàn mi. Ọmọ ọdún 58 ni mí, Houston ni mò ń gbé. Ó ti pé oṣù mẹ́rin tí mo ti ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń wa bàálù, ìwé-àṣẹ sport pilot, ti àwọn tó ń wa bàálù kékeré, ni mò ń lé. Láti kékeré ni nǹkan yìí ti wà lọ́kàn mi. Nígbà tí àbíkẹ́yìn wa jáde yunifásítì ni mo sọ fún ìyàwó mi pé ó kàn mí báyìí, ó sì ní òun ni òun máa kọ́kọ́ bá mi gòkè lọ́jọ́ tí mo bá gba ìwé.

Bàálù light sport (bàálù kékeré fífúyẹ́) oníjókòó méjì ni ilé ẹ̀kọ́ wa ń lò. Kò gbọdọ̀ ju 1,320 pọ́n-ùn lọ nígbà tó bá fẹ́ gbéra, tòun ti èèyàn, epo àti ẹrù. Lánàá, olùkọ́ mi ní kí n jókòó ṣe ìṣirò ọjọ́ tí mo bá gbé ìyàwó mi. Bàálù náà lófìfo jẹ́ 850, ó ku 470. Èmi 215, ìyàwó mi 190, àpapọ̀ 405, ó ku 65. Àpò kékeré kan pẹ̀lú omi mímu jẹ́ 15, ó wá ku 50 fún epo. Pọ́n-ùn 6 ni gálọ́ọ̀nù epo kan. Gálọ́ọ̀nù 8 àti díẹ̀ péré ni mo lè bù, nínú táǹkì tó ń gba 24!

Ó ká mi lára gan-an. Ẹnì kan ní pápá wá sọ fún mi pé ìjọba ti yọ ààlà 1,320 yẹn kúrò. Ṣé òótọ́ ni? Tó bá jẹ́ òótọ́, ṣé mo lè bu epo kún táǹkì kí àwa méjèèjì máa lọ? Ẹni tó bá mọ̀, ẹ jọ̀ọ́, kó là mí lọ́yẹ.

Adé_Maryland

Òótọ́ ni, ẹ̀gbọ́n. MOSAIC ni wọ́n ń pe òfin náà. Ní Oshkosh, ní ìpínlẹ̀ Wisconsin, níbi àjọ̀dún bàálù ọdọọdún, ni mínísítà ètò ìrìnnà Amẹ́ríkà ti kéde rẹ̀ ní 22 oṣù Keje 2025. Wọn ò ka pọ́n-ùn mọ́. Ẹ bu epo yín kún, kò sẹ́ni tó máa dá yín dúró.

Ìyá_Olùkọ́

Adé, mo mọ̀ pé ẹ fẹ́ ran ẹ̀gbọ́n lọ́wọ́ ni, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n tètè dá sí i kí ẹnì kan má baà ka ìyẹn kó sì lọ bu epo kún táǹkì. Ọdún kọkànlá rèé tí mo ti ń kọ́ èèyàn ní bàálù wíwà. Ààlà méjì ló wà, ẹ ti dà wọ́n pọ̀.

Ọ̀kan ni ààlà tí òfin fi ya irú bàálù kan sọ́tọ̀. Ìbéèrè tí 1,320 yẹn ń dáhùn kò ju ẹyọ kan lọ: ṣé bàálù yìí wà lára èyí tí ẹni tó ní ìwé sport pilot lè wà? Ìyẹn ni MOSAIC yọ. Stall ni wọ́n fi rọ́pò rẹ̀, ìyẹn eré tó kéré jù tí ìyẹ́ fi lè gbé bàálù dúró lófurufú. Tí eré bá ti lọ sílẹ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ, ìyẹ́ ò lè gbé e mọ́. Nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ gbé àbá òfin náà jáde ní 2023, 54 knot (knot ni ìwọ̀n eré bàálù) ni wọ́n fẹ́ fi ṣe ààlà. Àwọn awakọ̀ àti àwọn tó ń kọ́ bàálù pariwo, wọ́n sì sún un sí 59. Láti 22 oṣù Kẹwàá 2025, sport pilot lè wa bàálù tí stall rẹ̀, láìna flap (apá ìyẹ́ tí wọ́n ń nà wálẹ̀ kí bàálù lè rọra fò), kò bá ju 59 knot lọ, ì báà wúwo ju 1,320.

Ààlà kejì ni èyí tí ẹni tó ṣe bàálù náà fún un. Ó wà nínú ìwé bàálù, MOSAIC kò sì fọwọ́ kàn án rárá. Bí wọ́n bá kọ 1,320 sínú ìwé bàálù tí ẹ̀gbọ́n ń fi kọ́ṣẹ́, 1,320 náà ni lónìí, 1,320 náà ni lọ́la.

Ẹ̀gbọ́n, ẹ jẹ́ ká ṣe ìṣirò yín lọ́nà tí ẹ fẹ́ ṣe é. Táǹkì kíkún jẹ́ 144 pọ́n-ùn. 850, 405, 15, 144: àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ 1,414. Ẹ ti fi 94 kọjá ààlà. Bàálù light sport tí wọ́n ṣe ní ìlànà ASTM, àjọ tó ń gbé ìlànà iṣẹ́ kalẹ̀, wọ́n ṣe ìyẹ́ rẹ̀ kó lè ru ìlọ́po mẹ́rin ìwúwo rẹ̀ nígbà tí afẹ́fẹ́ bá gbá a tàbí tí ẹ bá yí i gírí. 1,320 lọ́nà mẹ́rin jẹ́ 5,280. Tí ẹ bá gbé 1,414 gòkè, ìyẹ́ yẹn ò mọ̀ pé ẹ̀yin méjèèjì fẹ́ràn ara yín. 5,280 rẹ̀ náà ló ní. Mẹ́rin ti di mẹ́ta àti ààbọ̀ pẹ̀lú díẹ̀. Stall náà á sún sókè. Eré tí ẹ nílò kí ẹ tó gbéra á pọ̀ sí i, ojú pápá tí ẹ máa jẹ á gùn sí i.

Ẹ wá fi ooru Texas kún un. Lọ́jọ́ tí ooru bá jẹ́ digiri Celsius 38, bàálù tó wà ní ìlú tó tẹ́jú pẹ̀lú òkun á máa ṣe bí ẹni pé ó wà lórí òkè tó ga tó 2,700 ẹsẹ̀ bàtà, torí afẹ́fẹ́ ti fúyẹ́. Ẹ́ńjìnì ò ní lágbára tó, ìyẹ́ ò ní rí afẹ́fẹ́ dì mú. Ọjọ́ bẹ́ẹ̀ kọ́ ni èèyàn ń fi 94 pọ́n-ùn lé e.

Aṣẹ̀ṣẹ̀fò_Houston

Ẹ ṣeun gan-an, mà. Mo ti gbọ́, mi ò ní bu epo kún. Ṣùgbọ́n gálọ́ọ̀nù 8 yẹn, ibo ló lè gbé wa dé?

Ìyá_Olùkọ́

Tí bàálù yín bá ń mu gálọ́ọ̀nù 5 ní wákàtí kan, 8.3 jẹ́ wákàtí kan àti ogójì ìṣẹ́jú. Lọ́sàn-án, òfin ní ẹ gbọ́dọ̀ ní epo ọgbọ̀n ìṣẹ́jú tó ṣẹ́ kù nígbà tí ẹ bá máa fi dé ibi tí ẹ ń lọ. Ó ku wákàtí kan àti ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Tèmi ni pé kí ẹ má lò tó ìyẹn: epo wákàtí kan ni mo máa ń ní kí àwọn ọmọ mi fi sílẹ̀. Ẹ lè gbé ìyàwó yín yípo etíkun fún ogójì ìṣẹ́jú kí ẹ sì padà. Ìrìn àjò ìlú kejì ni kò ní ṣeé ṣe.

Adé_Maryland

Mo tọrọ gáfárà, ẹ̀gbọ́n, ẹ ṣeun, mà. Àkọlé ìròyìn ni mo kà, mi ò ka inú òfin. Ó dára bí ẹ ṣe tètè dá sí i.

Mẹkáníìkì_Dallas

Ẹ jẹ́ kí n sọ ibi tí 1,320 ti wá, torí ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé ó ní àdììtú kan nínú. Kílógíráàmù 600 ni, kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ní 2002, tí FAA, àjọ tó ń ṣàkóso bàálù ní Amẹ́ríkà, gbé àbá light sport jáde, 1,232 ni wọ́n kọ, ìyẹn kílógíráàmù 560. Àwọn èèyàn yarí pé kò tó, pé bàálù àtijọ́ tó dára kò ní lè wọ inú rẹ̀, àti pé kò ní sí àyè fún ẹ́ńjìnì tó gbọ́ngbọ́n. Nígbà tí òfin jáde ní 2004, ó ti di 1,320 fún èyí tó ń balẹ̀ sórí ilẹ̀, 1,430 fún èyí tó ń balẹ̀ sórí omi. Wọ́n fi àwọn ààlà mìíràn tì í: ìjókòó méjì, ẹ́ńjìnì kan, stall tí kò ju 45 knot lọ, eré tí kò ju 120 knot lọ, ẹsẹ̀ tí kì í ká wọlé.

Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ rí nìyí, torí pé ọwọ́ mi ló ń tú àwọn bàálù wọ̀nyí. Tí ẹ bá sọ fún ẹni tó ń kọ́ bàálù pé kò gbọdọ̀ ju 1,320 lọ, gbogbo pọ́n-ùn tó bá fi mú un lágbára, ara èèyàn tàbí epo ló ti máa yọ ọ́. Ẹsẹ̀ tó nípọn, tí ọmọ akẹ́kọ̀ọ́ lè já mọ́lẹ̀ gbàgà láìtẹ̀, pọ́n-ùn ni. Páráṣúùtù tó ń gbé odidi bàálù sọ̀kalẹ̀ nígbà tí nǹkan bá bàjẹ́, bí 30 pọ́n-ùn ni, gálọ́ọ̀nù epo márùn-ún nìyẹn. Mo ti rí ẹsẹ̀ iwájú tó tẹ̀ láìmọye ìgbà lára bàálù ilé ẹ̀kọ́. Ẹni tó ṣe é mọ iṣẹ́ rẹ̀, òfin ni kò jẹ́ kó lo irin tó tó. Ìdí nìyí tí inú mi fi dùn sí MOSAIC ju bí inú àwọn awakọ̀ ṣe dùn lọ. Bàálù tuntun tí wọ́n máa fi ìlànà tuntun ṣe, ó di 24 oṣù Keje 2026 kí apá òfin tiwọn tó bẹ̀rẹ̀, ààlà stall tiwọn sì jẹ́ 61 knot pẹ̀lú flap. Ẹni tó ń kọ́ ọ lè wá fi ẹsẹ̀ gidi sí i.

Nǹkan kejì, ẹ̀gbọ́n Houston: 850 tí ẹ kọ yẹn, ibo lẹ ti rí i? Ṣé inú ìwé ìpolówó ni, àbí inú ìwé bàálù yẹn gan-an?

Aṣẹ̀ṣẹ̀fò_Houston

Inú bébà kan tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ara ògiri ní ọ́fíìsì ilé ẹ̀kọ́. Ó ti pẹ́ díẹ̀ níbẹ̀.

Mẹkáníìkì_Dallas

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ béèrè ìwé ìwọ̀n ti bàálù yẹn gan-an, kí ẹ wo ọjọ́ tó wà lórí rẹ̀. Bàálù máa ń sanra bí èèyàn. Wọ́n á tún ọ̀dà kùn ún láìha ti tẹ́lẹ̀ kúrò, wọ́n á fi rédíò kan kún un, wọ́n á gbàgbé irinṣẹ́ sí ìdí ìjókòó. Lọ́dún mélòó kan sẹ́yìn, oníbàálù kan gbé tirẹ̀ wá sọ́dọ̀ mi, ó ní kò gòkè bíi ti tẹ́lẹ̀ mọ́. A gbé òṣùwọ̀n mẹ́ta sábẹ́ táyà mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Pọ́n-ùn 23 ló fi ju ohun tó wà nínú ìwé lọ, ìyẹn epo gálọ́ọ̀nù mẹ́rin tó fẹ́rẹ̀ẹ́ pé, tó ti ń rù kiri láìmọ̀.

ỌmọỌ̀yọ́_Leeds

Ẹ kú àpérò o. Níbí ní Bìrìtìkó, inú ààlà yìí kan náà la ti jáde. Tipẹ́tipẹ́, kílógíráàmù 450 ni ààlà microlight (bàálù kékeré fífúyẹ́) oníjókòó méjì. Nílẹ̀ Yúróòpù, wọ́n fi 22.5 kún un fún ẹni tó bá gbé páráṣúùtù, ó di 472.5. Ó dùn mọ́ mi nígbà tí mo ka ọ̀rọ̀ mẹkáníìkì, torí àwọn wọ̀nyẹn rí i pé kò yẹ kí èèyàn fi epo ra ẹ̀mí ara rẹ̀. Ní 2021 ni Bìrìtìkó gbé microlight dé 600, 650 fún èyí tó lè balẹ̀ sórí omi, pẹ̀lú stall tí kò ju 45 knot lọ. Jámánì náà ti bọ́ sí 600 ṣáájú wa.

Ọ̀rọ̀ kan wà tó ń jẹ mí lọ́kàn. Bàálù CT tí ilé iṣẹ́ Flight Design ti Jámánì ń ṣe, 472.5 ni wọ́n ń kọ sí i lára tẹ́lẹ̀ nílẹ̀ wọn. Wọ́n gbé e dé Amẹ́ríkà, wọ́n kọ 600 sí i. Ìyẹ́ kan náà, ẹ́ńjìnì Rotax kan náà. Nígbà yẹn, kí la fẹ́ sọ pé ó jẹ́ ààlà òdodo?

Adé_Maryland

Ìbéèrè tí mo fẹ́ bi gan-an nìyẹn, ẹ̀gbọ́n Leeds! Mi ò fẹ́ jiyàn o, mo ti gba àṣìṣe mi. Ṣùgbọ́n bí irú bàálù kan bá lè ru 600 ní Amẹ́ríkà tí wọ́n sì kọ 472.5 sí i ní Jámánì, kí ló dé tí a ò lè sọ pé èyí tí wọ́n kọ 1,320 sí níbí lè ru 1,414?

Ìyá_Olùkọ́

Ìbéèrè gidi ni, mo sì fẹ́ dáhùn rẹ̀ dáadáa, torí ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ àwọn tó gbọ́n ti ń ṣubú.

CT yẹn, àwọn tó ṣe é ti dán an wò dé 600. Wọ́n ṣírò rẹ̀ dé 600. Òfin Jámánì ló dá a dúró sí 472.5, bí ìgbà tí wọ́n sọ fún ẹni tó lè gbé àpò ìrẹsì méjì pé kó gbé ẹyọ kan. Ṣùgbọ́n ẹni tó rí i níbi tó ti ń gbé ẹyọ kan, tí kò bá a débi tí wọ́n ti dán an wò, kò lè mọ̀ bóyá méjì ni agbára rẹ̀ àbí ẹyọ kan yẹn náà ló ń fi tipátipá gbé. Ẹ ò lè fi ojú rí i láti ìta. Irú bàálù light sport kan wà tí agbára rẹ̀ ju 1,320 lọ dáadáa. Òmíràn wà tí wọ́n gé irin rẹ̀ kó lè ṣe wẹ́kú, pọ́n-ùn kan lé e, ó ti pọ̀ jù. Ẹni tó ṣe é nìkan ló mọ̀. Bí wọ́n bá fẹ́ gbé e sókè, àwọn ni wọ́n máa kọ ọ́ síwèé, wọ́n á fọwọ́ sí i. Kò sí ẹlòmíràn tó lè ṣe é: kì í ṣe olùkọ́, kì í ṣe ẹni tó ni bàálù.

Mẹkáníìkì_Dallas

Bẹ́ẹ̀ gan-an ni. Ìwé tí mo máa fẹ́ rí lọ́wọ́ oníbàálù kí n tó yí àmì ìwọ̀n ara bàálù rẹ̀ padà, láti ọ̀dọ̀ ẹni tó ṣe é ló gbọ́dọ̀ ti wá.

Ọmọ_Mọ́kọ́lá

Ẹ̀yin àgbà, ẹ kú ọgbọ́n. Ìbàdàn ni mo wà. Ẹ má bínú bí ìbéèrè mi bá yàtọ̀ díẹ̀. Mo rí i lórí íntánẹ́ẹ̀tì pé ní Amẹ́ríkà, irú bàálù kan wà tí kò nílò láísẹ́ǹsì kankan. Ṣé òótọ́ ni? Àti pé bí ẹnì kan bá gba ìwé sport pilot níbẹ̀, ṣé ó lè gbé e wá wa bàálù nílé?

Mẹkáníìkì_Dallas

Àbúrò, òótọ́ ni. Ultralight là ń pè é, abẹ́ òfin Part 103 ló wà. Ẹni kan péré ló ń gbé. Lófìfo kò gbọdọ̀ ju 254 pọ́n-ùn lọ, epo rẹ̀ kò gbọdọ̀ ju gálọ́ọ̀nù 5 lọ, eré rẹ̀ kò gbọdọ̀ ju 55 knot lọ, stall rẹ̀ kò sì gbọdọ̀ ju 24 lọ. Kò gbọdọ̀ fò lórí ìlú tí èrò pọ̀ sí. Ìyẹn ni òfin fi ní kẹ́ ẹ máa lọ: bí ó bá já, ẹ̀yin nìkan ni. Ṣùgbọ́n má ṣe jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tàn ẹ́ pé kò nílò ẹ̀kọ́. Láísẹ́ǹsì ni òfin ò béèrè.

Ẹ̀yin ará, ẹ ṣàkíyèsí pé 254 yẹn, ìwọ̀n òfìfo ni. 1,320 ní tiẹ̀, tèèyàn tẹrù ni. Mo ti rí àwọn tó ń fi méjèèjì wéra bí ẹni pé nǹkan kan náà ni.

Ìyá_Olùkọ́

Ní ti ìbéèrè kejì, ọmọ mi: ìwé sport pilot kò bá ìlànà ICAO, àjọ òfurufú àgbáyé, mu, nítorí náà ó parí sí ààlà Amẹ́ríkà àyàfi bí orílẹ̀-èdè mìíràn bá fún ọ láṣẹ tẹ́lẹ̀. Ní Nàìjíríà, NCAA, àjọ tó ń ṣàkóso bàálù níbẹ̀, ló ni àṣẹ yẹn. Bó o bá fẹ́ wa bàálù nílé lọ́jọ́ iwájú, ìwé private pilot ni kó o gba.

Ọmọ_Bárékè_Kaduna

Ẹ jẹ́ kí n fi ìtàn kan kún un, torí ọ̀rọ̀ ìwọ̀n yìí rán mi létí nǹkan. Bàbá mi ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ iléeṣẹ́ ológun òfurufú ní Kaduna, inú bárékè ibẹ̀ ni wọ́n bí mi sí. Ṣé ẹ mọ̀ pé wọ́n ti ṣe bàálù kékeré oníjókòó méjì ní Nàìjíríà rí? Air Beetle lorúkọ rẹ̀. AIEP, ilé iṣẹ́ kan ní Kaduna, ló ṣe é níparí àwọn ọdún 1980, kí àwọn ọmọ ológun máa fi kọ́ṣẹ́. RV-6A ni wọ́n fi ṣe ìpìlẹ̀ rẹ̀, bàálù tí ilé iṣẹ́ Van's ní ìpínlẹ̀ Oregon ń tà ní wóróbo nígbà náà fún àwọn tó fẹ́ to tiwọn fúnra wọn.

Ohun tó wọ inú ọ̀rọ̀ yín ni pé RV-6A jẹ́ 1,650 pọ́n-ùn. Látọdún 2004 wá ni sport pilot Amẹ́ríkà ti ń wò ó lókèèrè láìlè fọwọ́ kàn án, torí pọ́n-ùn 330 tó fi ju ààlà lọ, àti eré rẹ̀ tó ju 120 knot lọ. Bàálù tó rọrùn láti bà sílẹ̀, tó ń rọra balẹ̀! Òfin tuntun ló ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣí ilẹ̀kùn fún un. Inú mi dùn nígbà tí mo gbọ́, bí ẹni pé ará ilé mi ni wọ́n ṣí i fún.

ỌmọỌ̀yọ́_Leeds

Mi ò gbọ́ ìtàn yìí rí láyé mi. Ẹ ṣeun, Ọmọ Bárékè.

Nọ́ọ̀sì_Atlanta

Mo ti ń ka ọ̀rọ̀ yín bọ̀, kò sì tíì sí ẹni tó dárúkọ ohun tí mo rò pé ó lè pa ẹ̀gbọ́n Houston lára jù. Ẹ jẹ́ kí n bi yín, sà: ṣé ẹ ti lọ rí dókítà FAA fún ìwé ìlera?

Aṣẹ̀ṣẹ̀fò_Houston

Rárá, mà. Mo ń lo oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru. Láísẹ́ǹsì mọ́tò ni wọ́n ní kí n fi ṣe é. Ṣùgbọ́n mo ń rò ó láti lọ sọ́dọ̀ dókítà náà kí ọkàn mi lè balẹ̀.

Nọ́ọ̀sì_Atlanta

Ẹ jọ̀ọ́, sà, ẹ má tíì lọ! Ẹ kọ́kọ́ jókòó pẹ̀lú dókítà tiyín tó ń fún yín lóògùn. Òfin sport pilot gbà yín láyè láti fi láísẹ́ǹsì mọ́tò dípò ìwé ìlera. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá kọ orúkọ sílẹ̀ fún ìwé ìlera FAA tí wọ́n sì kọ̀ ọ́ fún yín, ọ̀nà láísẹ́ǹsì mọ́tò náà ti dí nìyẹn, títí wọ́n á fi fún yín ní ìwé lẹ́yìn-ò-rẹyìn. Mo mọ ẹnì kan tó lọ fi ọwọ́ ara rẹ̀ ti ilẹ̀kùn mọ́ ara rẹ̀ báyìí, ọdún méjì ló fi ń kó bébà kiri kó tó gbà á padà. Ẹ̀jẹ̀ ríru tí oògùn ti kápá kì í sábà jẹ́ kí wọ́n kọ̀ fún èèyàn, ṣùgbọ́n kí ẹ tó fi ẹsẹ̀ kan sínú ilé yẹn, kí dókítà yín ti yẹ gbogbo ara yín wò.

Ìyẹn ò sọ pé kí ẹ máa fi àìsàn pamọ́ o. Lọ́jọ́ tí ara ò bá dá yín lójú, láísẹ́ǹsì mọ́tò ò fún yín láṣẹ láti gòkè. Òfin sọ bẹ́ẹ̀, èmi náà sọ bẹ́ẹ̀.

Aṣẹ̀ṣẹ̀fò_Houston

Ẹ gbà mí là, mà. Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni mo ti fẹ́ lọ. Ọlọ́run á bù kún yín.

Ìbéèrè kan ló kù. Ọ̀rẹ́ mi kan ní Cessna 150, ó ní òun lè fún mi lò. 1,600 ló wà lára rẹ̀. Ó ní àwọn èèyàn máa ń rọra kọ 1,320 sí i kó lè di light sport.

Mẹkáníìkì_Dallas

Kò rí bẹ́ẹ̀ rí, ẹ̀gbọ́n, àní lábẹ́ òfin àtijọ́. Òfin 2004 sọ pé bàálù náà gbọ́dọ̀ ti wà lábẹ́ ààlà láti ọjọ́ tí wọ́n ti kọ́kọ́ fún un níwèé títí di òní. Èyí tó bá ti kọjá 1,320 lẹ́ẹ̀kan, ó ti kọjá lọ nìyẹn. Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí Ercoupe, bàálù kékeré àtijọ́ kan, dùn mí: irú rẹ̀ tó ń jẹ́ 415-C jẹ́ 1,260, ó wọlé. Àmọ́ àwọn kan nínú wọn, ẹni tó ni wọ́n ti gbé wọn sókè sí 415-D, 1,400, láyé ijọ́un, kí wọ́n lè rù díẹ̀ sí i. Nígbà tí òfin dé, ó ti ká wọn mọ́ ìta, kò sì sí bí wọ́n ṣe lè dá wọn padà. Bàálù méjì tí wọ́n bí lọ́jọ́ kan náà, ọ̀kan wọlé, ọ̀kan ò wọlé.

Ṣùgbọ́n ẹ ò nílò ọgbọ́n kankan mọ́. Cessna 150 pẹ̀lú 1,600 rẹ̀ ti wà lábẹ́ 59 knot, bẹ́ẹ̀ náà ni Piper Cherokee 140 àti Cessna 172. Ohun kan péré: MOSAIC jẹ́ kí ẹ wà wọ́n, kò sọ wọ́n di light sport. Àyẹ̀wò ọdọọdún wọn ṣì wà bó ṣe wà, mẹkáníìkì tó ní àṣẹ IA, ìyẹn àṣẹ àyẹ̀wò, ló gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí i.

Ìyá_Olùkọ́

Mo fẹ́ kí ẹ ronú sí 172 yẹn dáadáa, ẹ̀gbọ́n, torí ìjókòó mẹ́rin ló ní, ṣùgbọ́n èrò kan ṣoṣo ni ìwé sport pilot gbà yín láyè láti gbé. Ìjókòó ẹ̀yìn á ṣófo. Ìyẹn gan-an ló fi yẹ ẹ̀yin àti ìyàwó yín. Ẹ lè fi parí ẹ̀kọ́ yín, kí ẹ sì fi ṣe ìdánwò.

Aṣẹ̀ṣẹ̀fò_Houston

Mo ti padà dé. Ilé ẹ̀kọ́ kejì ní pápá kan náà ní 172 tó ti dàgbà díẹ̀, mo sì lọ bá wọn lánàá. Mo béèrè ìwé bàálù gan-an, bí mẹkáníìkì ṣe ní kí n ṣe. Ọdún 2023 ni wọ́n wọ̀n ọ́n kẹ́yìn. Òfìfo rẹ̀ jẹ́ 1,462, ààlà rẹ̀ 2,300, ó ku 838. Èmi àti ìyàwó mi gun òṣùwọ̀n ní ilé lálẹ́ àná, pẹ̀lú bàtà àti aṣọ tí a máa wọ̀. Èmi ti di 219, òun 191, ìyẹn 410. Gálọ́ọ̀nù 40 jẹ́ 240. Ó ku 188, àpò wa ò sì tó 20.

Ìyàwó mi wo bébà náà, ó ní, "Ṣé ìyẹn ni pé a lè dé Austin?" Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Kò sọ nǹkan kan mọ́, ó lọ wá máàpù.

Ìyá Olùkọ́, ṣé ìṣirò mi pé, mà?

Ìyá_Olùkọ́

Ìwúwo pé. Ẹ ò tíì ṣe ìṣirò ibi tí ìwúwo náà jókòó sí. 188 tó ṣẹ́ kù kò sọ fún yín bóyá iwájú ló wúwo jù àbí ẹ̀yìn. Bí ẹ̀yin méjèèjì bá jókòó níwájú tí ẹ̀yìn sì ṣófo, bàálù á fẹ́ máa forí sílẹ̀ díẹ̀, ẹ sì gbọ́dọ̀ mọ̀ ọ́n kí ẹ tó bà á sílẹ̀ nígbà àkọ́kọ́. Lójú ìwé tí ẹ ti rí 1,462, nọ́ńbà kejì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní moment. Ẹ kọ ọ́ ránṣẹ́ síbí lálẹ́ òní, ká jọ ṣe é.